Ìbéèrè àti Ìdáhùn: Bí Wọ́n Bá Fẹ́ Yà Yín Sínú Dọkumẹ́ńtárì Nípa Ìlú Èkó

Ọdún mélòó kan ni mo ti ń ṣe amọ̀nà fún àwọn tó ń ya dọkumẹ́ńtárì káàkiri Èkó. Ìbéèrè kan náà ni àwọn ìyálọ́jà, awakọ̀ dánfó, apẹja àti àwọn òbí máa ń bi mí, bóyá ní Yábàá ni o tàbí ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta. Mo wá kó wọn jọ síbí.

Kí ni wọ́n ń pè ní dọkumẹ́ńtárì gan-an? Ṣé eré àgbéléwò náà kọ́?

Rárá o. Nínú eré àgbéléwò, wọ́n á fún èèyàn ní orúkọ tí kì í ṣe tirẹ̀ àti ọ̀rọ̀ tó máa kọ́ sórí. Nínú dọkumẹ́ńtárì, ẹ̀yin fúnra yín lẹ wà níbẹ̀: orúkọ yín, ṣọ́ọ̀bù yín, ohùn yín, gbèsè yín. Ẹ ò lè sọ lẹ́yìn rẹ̀ pé eré lẹ̀ ń ṣe.

Ó sì ti pẹ́ tí wọ́n ti ń ya àwọn ará ìlú ńlá báyìí. Ní 1929, Dziga Vertov, ayàwòrán ilẹ̀ Soviet kan, gbé fíìmù kan jáde tó fi ya àwọn ará Moscow, Kyiv, Kharkiv àti Odesa: bí wọ́n ṣe ń jí, bí wọ́n ṣe ń lọ síbi iṣẹ́, bí wọ́n ṣe ń ṣègbéyàwó, bí wọ́n ṣe ń kọ ara wọn sílẹ̀. Nínú ọ́fíìsì tí wọ́n ti ń kọ̀wé ìkọ̀sílẹ̀, obìnrin kan fi báàgì bo ojú. Gbogbo ìgbà tí mo bá rí ìyẹn ni mo máa ń rántí àwọn oníbàárà mi l'Ékòó.

Kí ni wọ́n máa ní kí n ṣe?

Iṣẹ́ yín náà ni. Alákàrà á po ẹ̀wà, awakọ̀ á wakọ̀. Wọ́n á ní ẹ má wo kámẹ́rà. Ìyẹn ló máa ń nira jù lọ́jọ́ kìíní. Tó bá fi máa di ọjọ́ kẹta, ẹ ó ti gbàgbé pé wọ́n wà níbẹ̀, ọjọ́ yẹn gan-an sì ni wọ́n ń dúró dè.

Àwọn nǹkan kan á dà bíi wèrè lójú yín. Wọ́n lè ní kí ẹ gba ẹnu ọ̀nà jáde lẹ́ẹ̀mẹta, kí wọ́n lè yà á láti inú ilé, láti ìta, kí wọ́n sì tún ya ẹsẹ̀ nìkan. Wọ́n lè ní kí gbogbo ilé dákẹ́ fún ìṣẹ́jú kan kí wọ́n lè gba bí ilé ṣe ń dún nígbà tí ẹnikẹ́ni ò sọ̀rọ̀. L'Ékòó ńbí! Jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò ò gbọ́ irú èdè yẹn.

Ní ti aṣọ, èyí tí ẹ máa ń wọ̀ síbi iṣẹ́ ni wọ́n ń fẹ́. Mo rí ìyá ẹlẹ́ja kan tó wọ léèsì wá sídìí ẹja lọ́jọ́ ìyàwòrán, gèlè ẹ̀ ń kan páànù òrùlé. Wọ́n bẹ̀ ẹ́ títí kó lọ pààrọ̀, ó ní òun ò pààrọ̀ nǹkan kan. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe yà á. Èmi ò bá wọn dá a lẹ́bi: òun ló mọ ojú tó fẹ́ kí wọ́n fi wo òun.

Ta ló máa ń mú wọn wá bá wa?

Amọ̀nà ni, irú èmi. Àwa la mọ ẹni tó yẹ kí wọ́n rí kí kámẹ́rà tó jáde nínú àpò: baálẹ̀, ìyálọ́jà, alága ẹgbẹ́ awakọ̀ ní gáréèjì. Bí wọn ò bá rí wọn, àwọn ọmọ àdúgbò á yọ sí wọn pẹ̀lú ìbéèrè kan ṣoṣo: "Ta lẹ rí?"

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi èyí tàn yín o. Owó tí wọ́n fún baálẹ̀, ti baálẹ̀ ni. Baálẹ̀ lè gbà kí wọ́n wọ àdúgbò, kò lè bá yín gbà kí wọ́n wọ yàrá yín.

Ṣé wọ́n máa sanwó fún mi?

Nígbà mìíràn bẹ́ẹ̀ ni, nígbà mìíràn rárá. Ọ̀pọ̀ oníròyìn gbà pé béèyàn bá sanwó fún ọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ tí ẹni náà rò pé wọ́n fẹ́ gbọ́ ni yóò tà fún wọn. Mo gbọ́ ìyẹn, ó sì ní òótọ́ díẹ̀ nínú. Ṣùgbọ́n ayàwòrán ń gbowó, onímaíìkì ń gbowó, èmi amọ̀nà ń gbowó, awakọ̀ tó gbé wa wá ń gbowó. Ẹni tí ọjà rẹ̀ dúró láti àárọ̀ nìkan ni wọ́n ń kí pé ó ṣeun.

Ohun tí mo máa ń gbà wọ́n níyànjú ni pé kí wọ́n béèrè owó ọjọ́ tó ṣòfò, kì í ṣe owó ọ̀rọ̀. Awakọ̀ dánfó mọ iye tó ń jíṣẹ́ fún ọlọ́kọ̀ lójúmọ́, ó sì mọ owó epo. Kó ka iye yẹn, kó sọ ọ́, kó sọ ọ́ kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ló máa san án tí wọn ò ní janpata.

Ẹni tó bá ní òun máa dúró kí fíìmù pa owó ńlá kóun tó béèrè ìpín tirẹ̀, kó mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ sí olùkọ́ kan ní Faransé. Abúlé ló ti ń kọ́ àwọn ọmọdé, fíìmù tí wọ́n ṣe nípa kíláàsì rẹ̀ jáde ní 2002, ó sì pa owó gidi. Ó pè wọ́n lẹ́jọ́ pé òun náà fẹ́ jẹ nínú rẹ̀. Ní 2004, ilé ẹjọ́ ní Paris ní kò tọ́ sí i.

Wọ́n gbé ìwé kan wá kí n fọwọ́ sí. Kí ló wà nínú rẹ̀?

Ìwé ìyọ̀ǹda ni. Ojú ewé kan péré ni lọ́pọ̀ ìgbà, òyìnbó ni wọ́n fi kọ ọ́, ìgbà tí wọ́n bá sì ti ń palẹ̀ kámẹ́rà mọ́ lálẹ́ ni wọ́n máa ń gbé e jáde, nígbà tí ó ti rẹ gbogbo èèyàn. Ẹ kọ ìyẹn. Ẹ gbà á ní ọjọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ wá.

Bí mo bá fi Yorùbá sọ ohun tó sábà máa ń wà níbẹ̀, òun nìyí: ẹ gbà kí wọ́n lo àwòrán àti ohùn yín, ní gbogbo ayé, títí láé, lórí ohunkóhun tó lè gbé àwòrán, títí kan èyí tí ẹnikẹ́ni ò tíì ṣe jáde, kí wọ́n gé e bó ṣe wù wọ́n, kí ẹ má sì béèrè owó mọ́. "Títí láé" yẹn ni kí ẹ tẹjú mọ́. Ṣọ́ọ̀bù lè kúrò lọ́wọ́ yín, ìgbéyàwó lè tú ká, ẹ lè di pásítọ̀. Fíìmù ò ní mọ̀.

Ẹ lè ní kí wọ́n fi kún un. Mo ti rí ibi tí ìyá oníṣòwò kan ní kí wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé wọn ò gbọdọ̀ fi àwòrán òun polówó ọjà kankan, wọ́n sì kọ ọ́. Bí ẹ ò bá mọ̀wé kà, kí ẹni tó mọ̀ ọ́n kà á sétí yín, kì í ṣe ọmọ iṣẹ́ wọn. Kí ẹ sì fi fóònù ya ìwé náà lẹ́yìn tí ẹ bá fọwọ́ sí i.

Mo kàn ń kọjá lọ ní Balógun, mo wá rí ara mi nínú fíìmù. Ṣé wọ́n láṣẹ?

Bí ẹ bá jẹ́ ọ̀kan nínú igba èèyàn tó ń kọjá, kò sí ẹjọ́ púpọ̀ níbẹ̀. Bí kámẹ́rà bá tẹ̀ lé yín, tó sún mọ́ ojú yín, tí wọ́n wá fi ohùn kan sọ ọ́ lábẹ́ rẹ̀ pé báyìí ni àwọn olè ṣe ń rìn nínú ọjà, ọ̀rọ̀ ti yí padà nìyẹn, ẹ wá agbẹjọ́rò.

Abala 37 nínú ìwé òfin Nàìjíríà ti 1999 dáàbò bo àṣírí ọmọ Nàìjíríà àti ilé rẹ̀. Òfin ìdáàbòbò dátà ti 2023 náà wà, ṣùgbọ́n ó fàyè sílẹ̀ fún iṣẹ́ ìròyìn àti iṣẹ́ ọnà tó bá jẹ́ fún àǹfààní ará ìlú. Nítorí náà, bí ẹ bá rí kámẹ́rà tí ẹ ò sì fẹ́, ẹ sọ ọ́ lójú ẹsẹ̀, kí ẹ na ọwọ́ sókè síwájú ojú. Ẹni tó na ọwọ́ báyìí, wọn kì í fẹ́ lò ó; ó máa ń ba àwòrán jẹ́.

Ọmọ mi ńkọ́?

Ẹni tí kò tíì pé ọdún 18, ọmọdé ni lábẹ́ òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé ti 2003, tí Èkó náà gbà wọlé ní 2007. Òbí tàbí alágbàtọ́ ló ń fọwọ́ sí i, kì í ṣe tíṣà, kì í ṣe àǹtí tó wà nílé lọ́sàn-án yẹn.

Ẹ má jẹ́ kí wọ́n yà á pẹ̀lú yúnífọ́ọ̀mù tí orúkọ ilé ìwé hàn lára rẹ̀. Bí ọmọ náà bá ń kiri ọjà, ẹ rò ó dáadáa kí ẹ tó gbà. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án tó ń kiri omi tútù lónìí á di géńdé tó ń wá iṣẹ́ lọ́la, àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ á sì rí i.

Wọ́n ní kí n tún ohun tí mo ṣe láàárọ̀ ṣe. Ṣé irọ́ kọ́ nìyẹn?

Ó ní bó ṣe rí. Bí ẹ bá ti ṣí ṣọ́ọ̀bù láàárọ̀ tí wọ́n ní kí ẹ tún un ṣí, èmi ò rí irọ́ kankan níbẹ̀. Bí wọ́n bá ní kí ẹ bá aládùúgbò jà nítorí pé wọ́n gbọ́ pé ẹ jà lọ́sẹ̀ tó kọjá, tàbí kí ẹ sunkún díẹ̀, ẹ ti di òṣèré nìyẹn, owó òṣèré ni kí ẹ béèrè.

Kí ni mi ò gbọdọ̀ sọ lórí kámẹ́rà?

Ẹyin lohùn. Ibi tí ẹ ń tọ́jú owó sí, iye tó wà nínú àjọ yín, ọ̀rọ̀ orogún, ẹjọ́ ilẹ̀ tó ṣì wà ní kóòtù, orúkọ ọlọ́pàá tó ń gba rìbá lọ́wọ́ yín. Ẹ rántí pé àwọn ará àdúgbò náà máa wò ó, kì í ṣe òyìnbó nìkan.

Máíìkì kékeré tí wọ́n so mọ́ ọrùn aṣọ yín kì í sùn. Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé bí kámẹ́rà bá ti yí ojú sí ibòmíràn, àwọn ti bọ́. Arákùnrin kan wọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ lọ pẹ̀lú rẹ̀, ó sì ń bá ìyàwó rẹ̀ sọ lórí fóònù pé ahun ni àwọn tó wá yà á, wọn ò tiẹ̀ ra mínírà. Gbogbo wa ló gbọ́ ọ níta. Dírẹ́kítọ̀ ò gbọ́ Yorùbá, ó ní kí n túmọ̀ rẹ̀ fóun. Mo ní ó ń kí wọn nílé ni. Mo ra mínírà lọ́sàn-án yẹn.

Yorùbá ni mo sọ, nǹkan mìíràn ni wọ́n kọ sísàlẹ̀. Báwo ló ṣe ń rí bẹ́ẹ̀?

Torí pé ẹni tó ń túmọ̀ lè má gbọ́ ọ jinlẹ̀, ó sì lè jẹ́ pé ó ń kánjú. Wọ́n bi ìyá kan tó ń yan ẹja létí ọ̀sà pé báwo ni ọjà. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "À ń dọ́gbọ́n sí i." Nígbà tí fíìmù jáde, ohun tí wọ́n kọ sábẹ́ ẹ̀rín yẹn ni pé ìyà ń jẹ wọ́n gan-an. Ẹ fojú inú wò ó: obìnrin ń rẹ́rìn-ín, lẹ́tà ń sunkún.

Èyí tó burú jù tí mo mọ̀: ìyàwó ilé kan pe àbúrò ọkọ rẹ̀, ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ní "ọkọ mi", bí gbogbo wa ṣe ń ṣe nílé. Ẹni tó túmọ̀ ọ̀rọ̀ sọ ọmọ náà di ọkọ rẹ̀ gidi. Ọpẹ́lọpẹ́ pé wọ́n fi ránṣẹ́ sí mi kó tó jáde. Bí kì í bá ṣe bẹ́ẹ̀, àwọn èèyàn ilẹ̀ òkèèrè ì bá ti máa kọ̀wé ẹ̀sùn.

Ní Mákòókò, ewu yìí di méjì. Ọ̀pọ̀ níbẹ̀ ló jẹ́ Ègùn. Wọ́n á túmọ̀ Ègùn sí Yorùbá, wọ́n á tún túmọ̀ Yorùbá sí òyìnbó, ohun tó bá kù ni wọ́n á kọ. Ẹ ní kí wọ́n ka ìtumọ̀ náà padà fún yín. Ìyẹn nìkan kì í gbà ju wákàtí kan lọ, wọn ò sì ní rí ìdí tí wọ́n á fi sọ pé rárá.

Ṣé mo lè wo fíìmù náà kó tó jáde?

Ẹ béèrè, ẹ sì jẹ́ kí wọ́n dáhùn lójú ẹ̀rí. Ọ̀pọ̀ ilé iṣẹ́ kì í gbà kí ẹni tí wọ́n yà pàṣẹ pé kí wọ́n gé eléyìí kúrò. Ṣùgbọ́n wíwò yàtọ̀ sí pípàṣẹ.

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn 1960 ní Paris, àwọn ọmọ Faransé méjì, Jean Rouch àti Edgar Morin, ń ya dọkumẹ́ńtárì kan, wọ́n sì ní kí àwọn èèyàn lọ máa bi àwọn tó ń kọjá lójú títì pé, "Ṣé inú yín dùn?" Wọ́n ya òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ ọkọ̀, akẹ́kọ̀ọ́, akọ̀wé. Kí fíìmù náà tó jáde ní 1961, wọ́n kó àwọn tí wọ́n yà jọ, wọ́n fi hàn wọ́n, wọ́n sì ya awuyewuye tó tẹ̀ lé e, wọ́n fi í sínú fíìmù náà. Àwọn kan ní àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn tú ara wọn síhòòhò jù, àwọn mìíràn ní eré ni wọ́n ń ṣe. Mi ò tíì rí ẹni tó ṣe irú rẹ̀ l'Ékòó, ó sì ń wù mí.

Wọ́n ní fíìmù tí mo wà nínú rẹ̀ ba Èkó jẹ́. Ṣé ẹ̀bi mi ni?

Ní oṣù kẹrin 2010, BBC Two, tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gbé dọkumẹ́ńtárì Welcome to Lagos jáde, ìpín mẹ́ta: ààtàn Olúsosùn l'Ójòta, Mákòókò lórí omi, àti etíkun Kúrámọ̀. Ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó kọ̀wé fi ẹ̀hónú hàn. Wọlé Ṣóyínká bẹnu àtẹ́ lù ú, ó ní wọ́n gbè sápá kan, pé ojú amúnisìn ni wọ́n fi wo àwọn èèyàn.

Mo gbà pé ó yẹ kí wọ́n bi ayàwòrán léèrè ìdí tó fi jẹ́ ààtàn ló kọ́kọ́ rí. Àwọn tó ń ṣa irin, bàbà àti ike lórí ààtàn ńkọ́? Wọn ò purọ́ fún ẹnikẹ́ni. Wọ́n ń wọn ọjà wọn lórí òṣùwọ̀n, wọ́n ń ná an, wọ́n ń fi owó rẹ̀ ránṣẹ́ sílé. Ẹni tó rí wọn lórí tẹlifíṣọ̀n tó wá ní wọ́n kó ìtìjú bá òun, kó bi ara rẹ̀ léèrè ibi tí ilẹ̀ tó gbá nínú ilé rẹ̀ ń lọ.

Bí wọ́n bá fi wá hàn gbogbo ayé, ṣé ìjọba ò ní lè wó ilé wa mọ́?

Ẹ má gbẹ́kẹ̀ lé e. Ibi mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí mo dárúkọ lókè yìí náà ni kí ẹ wò. Ní oṣù keje 2012, wọ́n wó ilé ní Mákòókò, ẹ̀mí sì bọ́. Oṣù tó tẹ̀ lé e, òkun ya wọ Kúrámọ̀, ó gbé èèyàn lọ, ìjọba sì kó àwọn tó kù kúrò níbẹ̀. Ní oṣù kẹta 2018, iná jó ààtàn Olúsosùn.

Ẹ tún béèrè ẹni tó ń náwó sí fíìmù. Ní 1935, wọ́n ya àwọn ará Stepney ní London nínú yàrá wọn tó ti fẹ́ wó. Wọ́n sọ̀rọ̀ fúnra wọn, wọ́n kọjú sí kámẹ́rà, obìnrin kan sọ bí eku ṣe wọlé bá a. Ohun tuntun gbáà ni nígbà náà, pé kí tálákà fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́. Ẹgbẹ́ àwọn onígáàsì ló náwó sí i. Ilé tuntun tí wọ́n fẹ́ kó wọn lọ, gáàsì ni wọn yóò máa fi dáná níbẹ̀.

Ó ti jáde, mo sì fẹ́ kí wọ́n yọ mí kúrò. Kí ni kí n ṣe?

Kó tó jáde ló rọrùn. Òfin dátà ti 2023 jẹ́ kí èèyàn lè fa ìyọ̀ǹda rẹ̀ padà, ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n ti ṣe kí ẹ tó fà á padà kò di ẹ̀ṣẹ̀ sí wọn lọ́rùn, àyè tí òfin fi sílẹ̀ fún iṣẹ́ ọnà sì tún wà níbẹ̀. Ẹ kọ̀wé sí wọn, ẹ sọ ìdí kan pàtó: ẹnì kan ń halẹ̀ mọ́ mi, wọ́n lé mi níbi iṣẹ́. Wọ́n lè bo ojú, wọ́n lè yí ohùn padà, wọ́n lè gé ìṣẹ́jú méjì kúrò. Ìdí tó ṣe pàtó máa ń ṣiṣẹ́ ju ìbínú lọ. Bó bá jẹ́ YouTube ló wà, ibi tí wọ́n ti ń fẹjọ́ sùn lórí àṣírí wà níbẹ̀, ẹ̀yin fúnra yín lẹ máa kọ ọ́.

Èyí tí àwọn èèyàn ti gé sínú WhatsApp, kò sí ẹni tó lè kó o padà.

Ẹni tó wà nínú fíìmù ti kú. Ṣé ẹbí lè béèrè nǹkan kan?

"Títí láé" inú ìwé yẹn ò parí síbi ikú. Wọ́n á ṣì máa fi hàn. Ẹbí lè kọ̀wé pé kí wọ́n kọ ọ́ sí ìparí pé ó ti di olóògbé, wọ́n sì sábà máa ń gbà.

Ohun mìíràn tún wà tí àwọn èèyàn kì í rántí béèrè. Èyí tó wọ inú fíìmù kéré gan-an sí èyí tí wọ́n yà. Ọmọ awakọ̀ kan tí mo mú wọn lọ bá ní Ojúẹlẹ́gbà pè mí lẹ́yìn ọdún mélòó kan, ó ní bàbá òun ti kú, òun fẹ́ ibi tó ti rẹ́rìn-ín, ìṣẹ́jú àáyá mẹ́rin, kí àwọn fi hàn níbi òkú. Mo kọ̀wé sí dírẹ́kítọ̀. Ogójì ìṣẹ́jú ló fi ránṣẹ́. Ní èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀, bàbá yẹn ń bá èrò kan jà lórí ṣéńjì àádọ́ta náírà, ó ń bura, ó ń lu sítíárì. Ọmọ náà ní ohun tí àwọn wò lálẹ́ ọjọ́ ìsìnkú nìyẹn, látìbẹ̀rẹ̀ dópin, lẹ́ẹ̀mejì.